Ta ló ti wo fíìmù tí Angel Wagenstein kọ rí? Ẹ wá sọ ìrírí yín

Ọmọ_Ìbàdàn
Ẹ kú ilé o. Plovdiv ní Bùlgáríà, níbi tí mo ti ń kọ́ iṣẹ́ dókítà, ni wọ́n bí bàbá yìí sí ní 1922. Ìyá onílé mi ló ní dandan kí n wo Zvezdi, èyí táwọn ará Jámánì ń pè ní Sterne. Wagenstein kọ ọ́, Konrad Wolf darí ẹ̀, ó jáde ní 1959. Obìnrin kan ń rọbí láàárín àwọn Júù tí wọ́n fẹ́ kó lọ sí Auschwitz, àgọ́ tí àwọn Násì ti ń pa Júù. Ruth, ọmọbìnrin kan nínú wọn, dúró lẹ́yìn wáyà ẹlẹ́gùn-ún, ó ń bẹ sọ́jà Jámánì kó bá wọn wá dókítà. Mi ò lè wò ó tán lálẹ́ ọjọ́ yẹn.

Àdùkẹ́
Mi ò wò ó rí. Ṣé àkọlé òyìnbó wà nísàlẹ̀ ẹ̀?

Bàbá Kọ́lá
Àbúrò, ohun tó jẹ́ kó dun èèyàn bẹ́ẹ̀ ni pé ẹni tó kọ ọ́ mọ̀ ọ́n lára. Júù ni. Ó wọ igbó lọ bá àwọn tó ń bá ìjọba tó gbè sẹ́yìn Jámánì jà, wọ́n mú un, wọ́n dájọ́ ikú fún un ní 1944. Ìjọba yí padà lóṣù kẹsàn-án kí wọ́n tó rí i pa. Moscow ló ti wá lọ kọ́ fíìmù kíkọ.

Ọmọ_Ìbàdàn
Háà! Ìyá ò sọ ìyẹn fún mi o.

Délé_Sofia
Ṣebí Bùlgáríà ò fi Júù kankan sílẹ̀ fún Hitler?

Bàbá Kọ́lá
Rárá o, Délé. Àwọn Júù tó jẹ́ ọmọ Bùlgáríà, bí 48,000, ni wọn ò kó lọ. Ti Thrace àti Macedonia tó wà lábẹ́ wọn nígbà ogun ńkọ́? Ó lé ní 11,000 tí wọ́n kó fún Jámánì ní 1943. Ẹ má jẹ́ ká gbàgbé àwọn yẹn.

Délé_Sofia
Mo gbọ́, ẹ̀gbọ́n. Ṣùgbọ́n dárẹ́kítọ̀ ló ni fíìmù, Wolf ló yẹ ká máa kì.

Ṣadé Wákàpáàsì
Délé, irọ́ ni! Mo ti ṣe wákàpáàsì nínú fíìmù àwọn Amẹ́ríkà kan ní Sofia. Dárẹ́kítọ̀ ò bá wa sọ nǹkan kan. Obìnrin tó jẹ́ igbákejì ẹ̀ ló lẹ téèpù aláwọ̀ sílẹ̀ níbi tí kálukú máa dúró, òun ló ń sọ ẹni tó máa kọjá àti ìgbà tó máa kọjá, òun ló tún lọ wá aṣọ òtútù fún wa. Orúkọ ẹ̀ wá kéré bí èèrà níparí fíìmù. Ó ká mi lára.

Àdùkẹ́
Ṣadé, òótọ́ lo sọ yẹn.

Délé_Sofia
Ṣadé, igbákejì lò ń sọ, èmi ń sọ òǹkọ̀wé. Kò papọ̀.

Bàbá Kọ́lá
Ó papọ̀. Àwọn tí ojú ò rí ni. Délé, lọ wo Na malkiya ostrov, 1958, Rangel Vulchanov ló darí ẹ̀. Yọ ọ̀rọ̀ tí Valeri Petrov kọ kúrò níbẹ̀, kí o wá sọ ohun tó kù fún mi.