Ọmọ ọdún mélòó ni a lè gé tíkẹ́ẹ̀tì lọ́tìrì fún? (Ìwòròkò àti Iowa)

Ìyá Ṣọ́ọ̀bù Ìwòròkò béèrè:

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin ará ilé. Mo fẹ́ gba ẹ̀rọ lotto sínú ṣọ́ọ̀bù tó wà lójú ọ̀nà Adó sí Ìwòròkò, kò jìnnà sí EKSU, yunifásítì ìpínlẹ̀ Èkìtì. Ilé iṣẹ́ tó fẹ́ fún mi ní ẹ̀rọ sọ pé "18+" ti wà lára tíkẹ́ẹ̀tì, pé kí n má da ara mi láàmú. Ọkàn mi ò balẹ̀ síbẹ̀.

Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ọdún kìíní níbí, ọ̀pọ̀ wọn ò ju ọdún 16 tàbí 17 lọ, àwọn kan sì ti ní irùngbọ̀n. Ìwé wo ni màá fi mọ ẹni tó ti tó? Ọmọ tí bàbá rẹ̀ kọ nọ́mbà sínú bébà fún, tó ní kó lọ bá òun gé e wá ńkọ́? Àti pé òfin ta ni mò ń tẹ̀ lé gan-an, ti Àbújá ni àbí ti Èkìtì?

Ẹ forí jì mí, ó ku ọ̀kan. Àbúrò mi ọkùnrin ń kàwé ní Iowa, ó ti pé ọdún 19, wọ́n sì kọ̀ láti ta tíkẹ́ẹ̀tì Powerball, lọ́tìrì ńlá Amẹ́ríkà, fún un. Ṣebí 18 ni ní gbogbo Amẹ́ríkà?

Lọ́yà Òkèṣà fèsì:

Ìbéèrè yín nípa òfin ni màá mú o, ìyá. Àwọn tó ń fi ẹ̀rọ ṣiṣẹ́ á dáhùn ìyókù.

Tẹ́lẹ̀, òfin lọ́tìrì tí ìjọba àpapọ̀ ṣe ní 2005 ni ọ̀pọ̀ ilé iṣẹ́ máa ń nà síni lójú, ìwé àṣẹ wọn sì ń ti Àbújá wá. Láti 2008 ni ìjọba Èkó ti gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ. Ní oṣù kẹwàá 2020, Èkìtì wọlé sí ẹjọ́ náà gẹ́gẹ́ bí olùpẹjọ́ kejì, Èkìtì tiwa yìí. Ní ọjọ́ 22 oṣù kọkànlá 2024, àwọn adájọ́ méje fẹnu kò sójú kan, Adájọ́ Mohammed Idris ló kọ ìdájọ́ náà: ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àpapọ̀ ò lẹ́tọ̀ọ́ láti ṣòfin lọ́tìrì fún ìpínlẹ̀ kankan. Àbújá nìkan ni wọ́n lè ṣe é fún. Òfin 2005 yẹn ti kú fún ẹni tó bá dúró sí Ìwòròkò.

Nítorí náà, kí ẹ tó fọwọ́ sí ìwé àdéhùn, ẹ ní kí ilé iṣẹ́ náà fún yín ní ẹ̀dà ìwé àṣẹ wọn. Nǹkan mẹ́ta ni kí ẹ wò níbẹ̀. Ṣé ìjọba ìpínlẹ̀ Èkìtì ló fún wọn, àbí ti Èkó tàbí ti Àbújá ni wọ́n ń gbé kiri? Ọjọ́ wo ló máa parí? Irú eré wo ló sì wà fún? Ìwé tó wà fún tẹ́tẹ́ bọ́ọ̀lù lè má kan lotto nọ́mbà rárá. Bí wọ́n bá ní "ó wà ní họ́fíìsì ńlá", ẹ ní kí wọ́n lọ mú un wá. Ẹ lẹ ẹ̀dà kan mọ́ ògiri. Nígbà tí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba bá dé, ẹni tó wà nídìí ẹ̀rọ ni wọ́n máa bá sọ̀rọ̀, ọ̀gá tó wà ní Èkó ò ní sí níbẹ̀.

Ní ti ọjọ́ orí, 18 ni. Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti 2003 sọ pé ẹni tí kò bá tíì pé 18, ọmọdé ni, Èkìtì náà sì ti sọ òfin yẹn di tirẹ̀. Òfin lọ́tìrì Èkó ti 2021 náà, 18 ló dúró lé. Ìyẹn "18+" tó wà lára tíkẹ́ẹ̀tì, ìkìlọ̀ lásán ni, kò bo ẹni tó gé e mọ́lẹ̀.

Ajẹ́ńtì Basírì fèsì:

Lọ́yà ti ṣe tirẹ̀. Ẹ jẹ́ ká wá sídìí ẹ̀rọ.

NIN ni gbogbo ọmọ máa kọ́kọ́ nà sí yín. Ọmọ ọwọ́ pàápàá ń gba NIN, torí náà pé ó ní in ò túmọ̀ sí nǹkan kan. Ọjọ́ ìbí tó wà lára rẹ̀ ni kí ẹ kà. Pásípọ́ọ̀tù náà, bákan náà, wọ́n ń ṣe é fún ọmọdé. Káàdì ìdìbò dára díẹ̀ jù wọ́n lọ torí ẹni tó pé 18 ni INEC ń forúkọ rẹ̀ sílẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ ṣì ka ọjọ́ ìbí orí rẹ̀. Láísẹ́ǹsì ọkọ̀ náà dáa. Káàdì iléèwé ni kí ẹ má gbà rárá: ọ̀pọ̀ wọn ò ní ọjọ́ ìbí, nọ́mbà mátíríkì sì ń sọ ọdún tó wọlé fún yín, kò sọ ọdún tí wọ́n bí i. Àwòrán káàdì tó wà nínú fóònù, ẹ dá a padà. Ìṣẹ́jú méjì ni àwọn ọmọ yìí fi ń pa ọdún dà lórí àwòrán.

Ìṣirò ọdún ló ń ko ọ̀pọ̀ ajẹ́ńtì sí wàhálà. Wọ́n á ní 2026 yọ 2008, ó ku 18, wọ́n á gé e. Irọ́ ni. Ẹ ṣe báyìí: láàárọ̀, kí ẹ tó tan ẹ̀rọ, ẹ mú páálí kan, kí ẹ kọ ọjọ́ òní sí i, kí ẹ yọ 18 kúrò nínú ọdún rẹ̀. Bí òní bá jẹ́ 14-3-2026, ohun tí ẹ máa kọ ni 14-3-2008. Ẹ gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ níbi tí ojú yín ti lè rí i láì yíjú. Ẹni tí wọ́n bí lọ́jọ́ yẹn tàbí ṣáájú rẹ̀, ẹ gé e fún un. Ẹni tí tirẹ̀ bá jẹ́ 15-3-2008, kó padà wá lọ́la. Kò sí àríyànjiyàn níbẹ̀, páálí ló ń sọ̀rọ̀. Ìwé ni kí ẹ béèrè lọ́wọ́ gbogbo ẹni tí ojú rẹ̀ ò bá tó ọdún 25, kó má dà bíi pé ẹnì kan lẹ ń bá jà. Irùngbọ̀n kì í ṣe ìwé.

Wàyí o, ọmọ tí wọ́n rán. Òun gan-an ló ń kó ajẹ́ńtì sí yọ́ọ́yọ́ọ́ ju akẹ́kọ̀ọ́ lọ, torí akẹ́kọ̀ọ́ mọ̀ pé òun ń dọ́gbọ́n, ọmọ tí wọ́n rán ò mọ nǹkan kan. Ọwọ́ tó fi owó lélẹ̀ tó sì gba tíkẹ́ẹ̀tì, ẹni tó ni ọwọ́ yẹn lẹ tà fún. Ẹ má gé e.

Ká tiẹ̀ fi òfin sílẹ̀, ẹ wo bébà tí ọmọ ọdún mẹ́wàá mú wá: "7, 23, 41, 58, 66, perm 2, ₦50", ₦1,000 sì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Nọ́mbà márùn-ún tí a bá so ní méjì-méjì jẹ́ láìnì 10. Ṣé ₦50 lórí láìnì kọ̀ọ̀kan ni bàbá ń wí? ₦500 nìyẹn, ṣéńjì ₦500. Àbí ₦50 lórí gbogbo rẹ̀, tó já sí ₦5 lórí láìnì kan? Ọmọ ò mọ̀. Bí méjì nínú nọ́mbà náà bá jáde, lọ́dọ̀ àwọn tó ń san ìlọ́po 240, láìnì ₦50 máa jẹ́ ₦12,000, láìnì ₦5 máa jẹ́ ₦1,200. Èwo lẹ rò pé bàbá máa ní òun wí nígbà tí nọ́mbà bá ti jáde? Ẹ tún wo 7 àkọ́kọ́ yẹn: ọ̀pọ̀ àgbà ń kọ 1 pẹ̀lú ìrù lókè, ó ń jọ 7. Eré wo ni, ti ọ̀sán ni àbí ti alẹ́? Ọmọ á ní "bàbá ò sọ". Bí eré bá sì ti tì, ẹ̀rọ ò ní jẹ́ kí ẹ pa tíkẹ́ẹ̀tì rẹ́ mọ́. Ọ̀rọ̀ di ti ẹnu sí ẹnu.

Ẹ̀yin tó ń rò pé two sure, ìyẹn kí èèyàn mú nọ́mbà méjì kí méjèèjì jáde, rọrùn, nínú nọ́mbà 90 tí wọ́n ń fa márùn-ún, ẹyọ kan nínú 400 ni àǹfààní kí méjì tí ẹ mú jáde, 240 ni wọ́n sì ń san. Ẹ ka ìyókù fúnra yín.

Ọmọ Ìkéré fèsì:

Ẹ̀gbọ́n Ajẹ́ńtì, ẹ má bínú. Ṣebí wọ́n ní bí wọ́n bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, à á fi tọmọ jẹ́ ẹ. Ọmọ yẹn ò ta tẹ́tẹ́, bàbá rẹ̀ ló ta á. Kí ló dé tí a ò lè pe bàbá lórí fóònù, ká gba ẹnu rẹ̀, ká wá fi tíkẹ́ẹ̀tì rán ọmọ?

Ajẹ́ńtì Basírì fèsì:

Ọmọ ò jẹ̀bi, àbúrò, a ò bá ọmọ wí. Ẹni tó gé e là ń bá wí. Ìpè fóònù ò yí ohun tó ṣẹlẹ̀ lórí tábìlì padà: ọmọdé ló sanwó, ọmọdé ló gba ìwé. Bẹ́ẹ̀ ni a ò mọ ẹni tó wà lẹ́yìn fóònù. Àwọn ọmọ girama mọ bí wọ́n ṣe ń gbé fóònù fún ọ̀rẹ́ tóhùn rẹ̀ ti là.

Bàbá tó ní fóònù tó lè pè mí, ó lè ta á lórí fóònù yẹn kan náà, nínú àkáǹtì tó fi orúkọ ara rẹ̀ ṣí. Bí kò bá fẹ́, kó dé ṣọ́ọ̀bù nígbà tó bá ń ti oko tàbí ibi iṣẹ́ bọ̀. Ọmọ tó mú bébà dé, ẹ kọ "kí bàbá wá fúnra wọn" sẹ́yìn bébà náà, kí ẹ ká owó mọ́ inú rẹ̀ níṣojú ọmọ, kí ẹ dá a padà. Ẹ má gba owó náà "pa mọ́ dè wọ́n", torí bí nọ́mbà wọ̀nyẹn bá jáde lálẹ́ ọjọ́ náà, ẹ̀yin ni wọ́n máa ní ẹ gbé owó wọn mì.

Ará Iowa fèsì:

Ẹ kú ilé o. Wọn ò ṣẹ̀ sí àbúrò yín, ìyá. Kò sí òfin kan ṣoṣo fún gbogbo Amẹ́ríkà lórí èyí, ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló ń gé tirẹ̀, bí tiwa náà ṣe wá rí báyìí. Ọ̀pọ̀ jù lọ ló mú 18. Nebraska mú 19, torí 19 náà ni òfin ibẹ̀ ń ka èèyàn sí àgbà. Iowa, Arizona, Louisiana àti Mississippi mú 21. Ìpínlẹ̀ márùn-ún ò ní lọ́tìrì ìjọba rárá: Alabama, Alaska, Hawaii, Utah àti Nevada. Bẹ́ẹ̀ ni, Nevada tí Las Vegas wà, tí ilé tẹ́tẹ́ kún bí ẹni da á sílẹ̀.

Ibi tí ẹsẹ̀ èèyàn wà nígbà tó ń rà á ni wọ́n ń wò. Wọn ò wo ibi tó ń gbé. Bí àbúrò yín bá sọdá odò Mississippi bọ́ sí Illinois, 18 ni wọ́n ń béèrè níbẹ̀. Bó bá gba apá ìwọ̀ oòrùn, láti Council Bluffs wọ Omaha ní Nebraska, 19 rẹ̀ tó. Ṣùgbọ́n kó rántí pé ìpínlẹ̀ tó ti ra tíkẹ́ẹ̀tì ló ti máa gba owó rẹ̀ bó bá jẹ. Kò lè ra Powerball ní Illinois kó lọ gba owó ńlá ní Iowa, bó tilẹ̀ jẹ́ pé eré kan náà ni.

Òfin Iowa gbà kí ẹni tó ti pé 21 ra tíkẹ́ẹ̀tì kó sì fi ta ọmọ tí kò tíì pé 21 lọ́rẹ. Ẹ má rò pé ìyẹn já sí pé ọmọ lè fún àgbà lówó kó bá òun rà á o, rírà nìyẹn, kì í ṣe ọrẹ.

Kò dìgbà tó bá di ọmọ onílùú kó tó lè rà á. Akẹ́kọ̀ọ́ tó ní físà lè ra tíkẹ́ẹ̀tì, kó mú pásípọ́ọ̀tù lọ. Owó orí ló yàtọ̀. Ọmọ onílùú tó bá jẹ ju $5,000 lọ, ìdá 24 nínú 100 ni wọ́n kọ́kọ́ ń yọ fún ìjọba àpapọ̀. Àjèjì tí òfin owó orí ò tíì kà sí olùgbé, bó ṣe sábà máa ń rí fún akẹ́kọ̀ọ́ láàárín ọdún márùn-ún àkọ́kọ́, ìdá 30 ni. Kó má sì fi tíkẹ́ẹ̀tì náà sínú lẹ́tà ránṣẹ́ sí yín ní Èkìtì, òfin ìjọba àpapọ̀ kọ̀ ọ́.

Ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni pa èyí pọ̀ mọ́ lọ́tìrì físà, ètò tí Amẹ́ríkà fi ń yan àjèjì tó máa wá gbé níbẹ̀. Ìyẹn ò ní tíkẹ́ẹ̀tì, Nàìjíríà ò sì sí nínú rẹ̀ láti ti ọdún 2015.

Ìyá Ṣọ́ọ̀bù Ìwòròkò fèsì:

Ẹ ṣeun gidigidi, Olúwa á bù kún yín. Ó ku ẹyọ kan. Bí akẹ́kọ̀ọ́ kan bá ti fi káàdì hàn mí lẹ́ẹ̀kan, tí mo ti mọ̀ pé ó tó, ṣé kí n máa ṣe ẹ̀dà káàdì rẹ̀ pa mọ́?

Ajẹ́ńtì Basírì fèsì:

Rárá o. Ẹ̀dà NIN àwọn èèyàn tó kún inú dúrọ́ọ̀ ṣọ́ọ̀bù, bí ó bá sọnù, wàhálà mìíràn nìyẹn. Ẹ ní ìwé kékeré kan, kí ẹ kọ ọjọ́ tí ẹ wò ó, orúkọ rẹ̀ àti irú káàdì tó mú wá. Ìyẹn ti tó. Ẹ má kọ nọ́mbà NIN rẹ̀ síbẹ̀.

Kí ẹ tó gbàgbé: bébà tí ẹ̀rọ yẹn fi ń tẹ tíkẹ́ẹ̀tì, ooru ló ń kọ ọ́, kì í ṣe yíǹkì. Bí ẹ bá gbé ẹ̀rọ síbi tí oòrùn ọ̀sán ń wọlé, ìdì bébà tó wà nínú rẹ̀ á dúdú kí ẹ tó lò ó tán, tíkẹ́ẹ̀tì tí ẹ gé á sì máa jáde bí ẹni pé wọ́n ti yan án. Ẹ gbé e sápá òjìji, kí ẹ sì sọ fún oníbàárà kó ya àwòrán tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ kó tó tì í sápò.