Ìgbà tí mo ti ilẹ̀kùn kíláàsì kí n tó lè sọ Yorùbá: ẹ wá sọ tiyín náà

Tíṣà Ọ̀ṣun:
Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará wa. Látìgbà tí mínísítà ètò ẹ̀kọ́, Tunji Alausa, ti kéde l'Abuja ní oṣù kọkànlá ọdún 2025 pé wọ́n ti fagi lé fífi èdè abínibí kọ́ ọmọ, pé Gẹ̀ẹ́sì ni ká máa lò láti jẹ́lé-ó-sinmi títí dé yunifásítì, ọ̀rọ̀ yẹn ò kúrò lọ́kàn mi. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tójú mi rí, kẹ́yin náà sọ tiyín.

Ọdún 1996 ni mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ilé ìwé aládàáni kan, praimárì kẹta ni wọ́n fún mi. Wọ́n kọ ọ́ gàdàgbà sára ògiri pé ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ fanákúlà. Ọmọ tó bá ṣèèṣì sọ Yorùbá, wọ́n á fi pátákó kọ́ ọ lọ́rùn títí wọ́n á fi jáde. Lọ́jọ́ kan mo ń kọ́ wọn bí omi ṣe ń di oru. Mo kọ "evaporation" sójú bọ́ọ̀dù, wọ́n pè é tẹ̀lé mi lẹ́ẹ̀mẹta, ariwo ta, mo wá bi wọ́n pé kí ni ìtumọ̀ ẹ̀, kíláàsì pa lọ́lọ́. Ọmọbìnrin kan wà lẹ́yìn pátápátá, ìyá ẹ̀ ń ta ẹ̀kọ, ọmọ yẹn kì í la ẹnu rárá, gbogbo àwa olùkọ́ ti gbà pé kò mọ̀wé, kí Ọlọ́run foríjì wá. Mo lọ ti ilẹ̀kùn. Mo ní ó dáa, ẹ sọ ọ́ ní Yorùbá fún mi, tí ìkòkò bá ń hó lórí iná, tẹ́ ẹ wá ṣí ìdérí ẹ̀, kí lẹ máa ń rí? Ọmọ yẹn dìde fúnra ẹ̀. Ó ní, "Àǹtí, omi máa ń wà lábẹ́ ìdérí. Látinú ìkòkò ló ti gòkè. Tó bá ti tutù, á tún máa kán padà sísàlẹ̀, bí òjò."

Bí òjò! Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni mo ṣì fẹ́ kọ́ wọn nípa òjò.

Ojú fèrèsé ni ọ̀gá wa wà tó ń gbọ́. Ó ní kí n kọ̀wé wá ṣàlàyé ìdí tí mo fi ń ba Gẹ̀ẹ́sì àwọn ọmọ jẹ́. Mo sunkún lọ́jọ́ náà. Bàbá olùkọ́ kan tó ti fẹ̀yìn tì, tó ń gbé nítòsí wa, ló pè mí, ó ní ọmọ mi, ohun tí wọ́n tìtorí ẹ̀ bá ẹ wí yìí, àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n ti dán an wò ní Mọ̀dákẹ́kẹ́ kí wọ́n tó bí ẹ.

Ibẹ̀ ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ nípa iṣẹ́ tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Babátúndé Fáfúnwá àtàwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ bíi Ọ̀jọ̀gbọ́n Adébísí Afọláyan ṣe ní Yunifásítì Ifẹ̀. Ọdún 1970 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní ilé ìwé St. Stephen's "A" ní Mọ̀dákẹ́kẹ́, Ford Foundation, àjọ aláàánú kan ní Amẹ́ríkà, ló fún wọn lówó. Láti praimárì kìíní dé ìkẹfà, Yorùbá ni wọ́n fi kọ́ àwọn ọmọ náà ní gbogbo nǹkan, ìṣirò o, sáyẹ́ǹsì o, Gẹ̀ẹ́sì wá jẹ́ iṣẹ́ kan láyè ara ẹ̀, olùkọ́ tó mọ̀ ọ́n dunjú ni wọ́n sì fi síbẹ̀. Kíláàsì tí wọ́n fi wé wọn, ọdún mẹ́ta àkọ́kọ́ nìkan ni wọ́n fi Yorùbá kà, lẹ́yìn ẹ̀ wọ́n bọ́ sí Gẹ̀ẹ́sì bá a ṣe ń ṣe é níbi gbogbo. Nígbà tí wọ́n dán gbogbo wọn wò, àwọn tó fi Yorùbá kà á dópin ló ta àwọn yòókù yọ, títí kan Gẹ̀ẹ́sì fúnra ẹ̀!

Ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ fọkàn sí rèé o. Àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n yẹn ò kàn jókòó sí ọ́fíìsì kí wọ́n máa gba ìjọba nímọ̀ràn. Wọ́n kọ ìwé tí ọmọ máa kà, wọ́n kọ́ olùkọ́ tó máa kà á fún un, wọ́n wá orúkọ Yorùbá fún nǹkan tí kò lórúkọ. Nígbà tí ìjọba wá gbé ìlànà ètò ẹ̀kọ́ jáde lọ́dún 1977, wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé èdè abínibí tàbí èdè àdúgbò ni kí ọmọ fi bẹ̀rẹ̀, ó dùn ún gbọ́ létí, ṣùgbọ́n ìwé ńkọ́? Olùkọ́ ńkọ́? Fáfúnwá alára di mínísítà ètò ẹ̀kọ́ láàárín 1990 sí 1992, síbẹ̀ ní 1996 pátákó ṣì wà lọ́rùn ọmọ mi ní praimárì kẹta.

Ó tún wá ku ti 2022. Oṣù kọkànlá ọdún náà ni Adamu Adamu, tó jẹ́ mínísítà ètò ẹ̀kọ́ nígbà yẹn, kéde pé ìjọba ti fọwọ́ sí i, kí a fi èdè abínibí kọ́ wọn fún gbogbo ọdún mẹ́fà praimárì. Ara mi yá gágá. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀ wọ́n pè wá sí ìpàdé lórí ẹ̀, ìwé tí wọ́n pín fún wa nípa bá a ṣe máa fi Yorùbá kọ́ni, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kọ ọ́ láti òkè délẹ̀. Mo nawọ́, mo bèèrè ìwé sáyẹ́ǹsì, wọ́n ní ó ń bọ̀. Kò dé títí wọ́n fi fagi lé e, wọ́n tún wá ń sọ pé èdè abínibí ló jẹ́ kí àwọn ọmọ máa fìdí rẹmi nínú WAEC àti JAMB. Ohun tí ẹ ò ṣe rí, báwo ló ṣe wá kùnà? Ó dùn mí gan-an ni.

Ọmọ Tíṣà, Ìbàdàn:
Tíṣà wa, ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ pẹ̀lẹ́. Tèmi rèé. Hẹ́dímásítà ni bàbá mi, ó ti fi "aiye", "ẹiyẹ", "enia", "nwọn" àti "yio" kọ́ni fún bí ogún ọdún. Lẹ́yìn 1974 tí ìjọba fọwọ́ sí àkọtọ́ tuntun, ìyẹn ìlànà bá a ṣe ń kọ Yorùbá sílẹ̀, èmi mú iṣẹ́ àṣetiléwá lọ, bàbá mi ló bá mi tún un ṣe, olùkọ́ mi fi báírò pupa fa ìlà sí gbogbo "nwọn" tó wà níbẹ̀. Bàbá gbéra, ó lọ sílé ìwé wa, ó ní ṣé àwọn tó jókòó sí Yunifásítì Ìbàdàn ló máa wá kọ́ òun bí wọ́n ṣe ń kọ èdè bàbá òun? Olùkọ́ yẹn kò jà, ó kúnlẹ̀, ó fún wọn ní ìwé pẹlẹbẹ tí ìlànà náà wà nínú ẹ̀. Bàbá mi fi àtùpà kà á mọ́jú. Mo ń gbọ́ ohùn wọn láti yàrá, "aiye... ayé... aiye... ayé", wọ́n ń pè é wò lẹ́nu. Nígbà tílẹ̀ mọ́ wọ́n ní òótọ́ ni, kò sẹ́ni tó ń pe "i" yẹn. Látọjọ́ náà ni wọ́n ti yí padà, àfi Bíbélì wọn tó ṣì kún fún "nwọn".

Mo mọ̀ pé iṣẹ́ àwọn Ayọ̀ Bámgbóṣé, ọ̀jọ̀gbọ́n nípa èdè ní Yunifásítì Ìbàdàn, ló bí àkọtọ́ tuntun yẹn, láti ìwé tó kọ lórí àkọtọ́ lọ́dún 1965. Àkọtọ́ tó ti wà nílẹ̀ látìgbà ìpàdé Èkó lọ́dún 1875 ni wọ́n tún ṣe o, kì í ṣe nǹkan kékeré. Ohun tẹ́ ẹ sọ yẹn náà ni mo rí níbẹ̀, tiwọn múlẹ̀ torí ó dé ọwọ́ olùkọ́, ó dé inú ìwé tí ọmọ ń kà.

Àǹtí Ajégúnlẹ̀:
Ẹ káàárọ̀ mà. Mo gbà pẹ̀lú yín ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ tibi tí mo wà. Nínú kíláàsì mi, Yorùbá wà, Ìlàjẹ wà, Ìgbò wà, Íjọ̀ wà, Hausa wà. Tí wọ́n bá ní kí n lo èdè àdúgbò, èwo ni kí n mú? Òfin Èkó ti 2018 lórí èdè Yorùbá, tó ní kí gbogbo ilé ìwé máa kọ́ ọmọ ní Yorùbá, mo fẹ́ràn ẹ̀, ọmọ mi kan náà ń jẹ àǹfààní ẹ̀, ṣùgbọ́n ọmọ Íjọ̀ tó ń wò mí lójú ńkọ́? Kí àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n wá lo sáà kan lọ́dọ̀ wa níbí kí wọ́n tó kọ òmíràn.

Tíṣà Ọ̀ṣun:
Àǹtí, ẹ ṣeun, òótọ́ lẹ sọ, Mọ̀dákẹ́kẹ́ kì í ṣe Ajégúnlẹ̀, mi ò ní ìdáhùn tó máa tẹ́ yín lọ́rùn. Wọ́n gbọ́dọ̀ wá síbẹ̀ lóòótọ́.

Ẹ̀gbọ́n Ìbàdàn, ẹ kú oríire bàbá. Mo ṣì ní ìwé àkọsílẹ̀ kan tí mo bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 1996 yẹn, orúkọ nǹkan sáyẹ́ǹsì ní Yorùbá ni mo ń kó jọ síbẹ̀, "oru" ló wà lójú ewé àkọ́kọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹnikẹ́ni tó bá ní ìwé sáyẹ́ǹsì tàbí ìṣirò tí wọ́n lò ní Mọ̀dákẹ́kẹ́ láàárín 1970 sí 1978, bí ò tiẹ̀ ní èèpo mọ́, kó yà á ní fọ́tò fún mi. Praimárì kẹrin ni mo ń wá jù.