Kì í ṣe fọ́tò: “àfíntẹ̀” ni mo dábàá

Ẹ̀yin ará,

Ẹni tó ń túmọ̀ àkọlé àwòrán Lord Dundreary, ẹ̀dá inú eré orí ìtàgé kan, inú ìwé ìròyìn ayé Queen Victoria pè é ní “fọ́tò”, ó sì pe eré náà ní “eré àwàdà” àti “eré tí a ti gbàgbé”. Ẹlòmíì ní “àwòrán” nìkan ti tó. N kò fara mọ́ ọ̀kankan nínú méjèèjì.

Ní 1861 tí òṣèré Edward Askew Sothern ń ṣe Dundreary ní gbọ̀ngàn Haymarket ní Lọ́ńdọ̀nù, nínú eré Our American Cousin tí Tom Taylor kọ, àwọn oníwèé ìròyìn kò tíì ní ọ̀nà tí wọ́n lè fi tẹ fọ́tò pọ̀ mọ́ ọ̀rọ̀. Ojú igi ni wọ́n ń ya irú àwòrán bẹ́ẹ̀ sí, ọ̀tún á di òsì, torí pé títẹ̀ ni yóò yí i padà bọ̀ sípò. Igi náà le, ṣùgbọ́n kì í sanra, nítorí náà ègé púpọ̀ ni ìwé ìròyìn bí Illustrated London News ń dè pọ̀ fún àwòrán ńlá kan. Bí àsìkò bá há, wọ́n á tú u, wọ́n á pín in fún àwọn tó ń fín in: ẹnì kan á mú apá ojú, ẹlòmíì á mú ẹsẹ̀ ṣòkòtò. Tí wọ́n bá tún un dè, ìlà funfun tẹ́ẹ́rẹ́ a máa yọ nígbà mìíràn níbi tí ègé méjì ti pàdé. Ta ló rí irú ìlà yẹn lára fọ́tò rí?

Ìdí nìyí tí mo fi dábàá “àfíntẹ̀”: ohun tí a fín, tí a sì tẹ̀. Ẹbí àtẹ̀jáde àti àtẹ̀jíṣẹ́ ni, kò ṣàjèjì sétí. Àwọn kan ní “gbẹ́” ló yẹ, torí pé igi ni. Rárá o. Agbẹ́gilére ń wá orí, ikùn àti ẹsẹ̀ jáde láti inú ìtì igi. Iṣẹ́ ojú igi ni fínfín. Àtakò tó wúwo ni pé ibi tí irin bá gbà kọjá lára igi yìí, funfun ló ń dà, ibi tí a kò fọwọ́ kàn ló ń gba tàdáwà. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n àwọn afíngbá náà a máa ha ẹ̀yìn ọnà kúrò kí ọnà lè yọ síta, a kò sì torí ìyẹn gba “fín” lọ́wọ́ wọn.

Ní ti ìyókù àkọlé náà, “eré àwàdà” tó fún irú eré náà. “Eré tí a ti gbàgbé” ni mo fẹ́ ká tún wò. Eré yìí ni Abraham Lincoln, Ààrẹ Amẹ́ríkà, ń wò ní gbọ̀ngàn Ford's Theatre nígbà tí wọ́n yìnbọn fún un ní 14 Oṣù Kẹrin 1865, nítorí náà orúkọ rẹ̀ kò parun. Ẹ̀rín inú rẹ̀ ló parun: òwe tí Dundreary ń lọ́ pọ̀ mọ́ra, àti irun ẹ̀rẹ̀kẹ́ gígùn tí àwọn ará Ìlú Ọba wá ń fi orúkọ rẹ̀ pè.

Àkọlé tí mo fẹ́ ká lò nìyí: “Àfíntẹ̀ Sothern níbi tó ti ń ṣe Lord Dundreary, nínú eré àwàdà tí ẹ̀rín rẹ̀ ti di ìgbàgbé.” Ẹni tó bá ní èyí tó kúrú jù bẹ́ẹ̀ lọ, kó mú un wá.