Ṣé "àyíká" tó fún ohun tó ń tọ́ ayàwòrán?

Ẹ̀yin àgbà àti ọ̀rẹ́ mi,

Ẹ̀gbọ́n wa dábàá pé kí á máa lo "àyíká" fún gbogbo ohun tó wà nítòsí ayàwòrán tó sì ń hàn nínú iṣẹ́ rẹ̀. Ẹlòmíràn ní "àwùjọ" ló dára jù. N kò fara mọ́ méjèèjì. Èèyàn nìkan ló wà nínú àwùjọ. Òkè àti páànù tó ti dípẹtà kò sí níbẹ̀. Àyíká ní tirẹ̀ kàn yíni ká ni. Kò sọ pé ó wọlé.

Ẹ wo Susanne Wenger, ayàwòrán ọmọ Graz ní Austria. Ọdún 1950 ló dé Ìbàdàn pẹ̀lú ọkọ rẹ̀, Ulli Beier, tó wá kọ́ni ní yunifásítì. Òyìnbó mìíràn wà ní yunifásítì yẹn, òjò kan náà ló ń rọ̀ sórí gbogbo wọn. Nínú gbogbo wọn, Wenger ló tọ Àjàgẹmọ, àwòrò Ọbàtálá ní Ẹdẹ, lẹ́yìn, tó sì padà wá ń fi amọ̀ àti sìmẹ́ńtì mọ ère sí igbó Ọ̀ṣun ní Òṣogbo. Bí a bá pe ohun tó wọ̀ ọ́ lára ní àyíká, ó di pé ọ̀kan náà ni òun àti àwọn yòókù. Wọn kì í ṣe ọ̀kan náà!

Àdìrẹ Ìbàdàndùn tiwa ńkọ́? Àwọn ìyá tó ń fi ìyẹ́ adìyẹ ya ẹ̀kọ láfún sára aṣọ kí wọ́n tó rì í sínú aró, òpó gbọ̀ngàn Mápó ní Ìbàdàn ni wọ́n yà sí i, pẹ̀lú ṣíbí. Òpó kan, ṣíbí kan, òpó kan, ṣíbí kan. Ilé tí wọ́n kọ́ parí ní 1929, lọ́nà ilé òyìnbó, ló wá dúró ti ohun ìdáná. Ó ti mọ́ wọn lára.

Ibẹ̀ ni mo ti mú àbá mi: "àmọ́nilára". Kí àyíká máa jẹ́ ti igbó, odò àti afẹ́fẹ́ bó ṣe wà.

Ẹnì kan lè ní àṣà burúkú náà ń mọ́ni lára. Òótọ́ ni, ibi tí kò dára náà sì ń ya àwòrán tirẹ̀. Èyí tó ń kọ mí lóminú ni pé ẹni tí kò fàmì ohùn sí i lè rò pé "ìmọ̀lára" ni ó tan mọ́. Nítorí náà, àmì ohùn di dandan.

"Àmọ́nilára Ìbàdàn hàn nínú aṣọ yìí." Ó dùn létí mi. Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ ọmọ níṣẹ́ ọnà, ẹ jọ̀wọ́, ẹ dán an wò lẹ́nu wọn, kí ẹ sọ bó ṣe rí fún wa.