Ṣé òkè ló ń gbé ogun gẹ̀rílà ró, àbí ará abúlé?

Akẹ́kọ̀ọ́ Ìtàn (Adó-Èkìtì):
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n. Ọ̀rẹ́ mi kan ní ogun gẹ̀rílà, ìyẹn ogun kí a lúgọ, kí a kọlu ọ̀tá, kí a sì tún sá pamọ́, ni Ogun Kírìjì, nítorí pé Èkìtì ní òkè àti igbó tí àwọn tó dìtẹ̀ sí Ìbàdàn lè lúgọ sí. Ṣé òkè tó bẹ́ẹ̀?

Olùkọ́ Àná (Ìkẹ́rẹ́):
Àbúrò, ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ nìkan ló jọ ọ́. Nígbà tí Fábùnmi pa ajẹ́lẹ̀ Ìbàdàn ní Òkè-Ìmẹ̀sí ní 1878, àwọn ìlú mìíràn náà dìde sí àwọn ajẹ́lẹ̀ tiwọn. Ṣùgbọ́n kò pẹ́ tó fi di ogun ojúkojú: Ìbàdàn tẹ̀dó sí apá Ìgbájọ, Èkìtìparapọ̀ tẹ̀dó sí apá Ìmẹ̀sí-Ilé, wọ́n kọ́ ilé amọ̀ sí bùdó, wọ́n sì ń yìnbọn síra wọn fún ọ̀pọ̀ ọdún. Gẹ̀rílà kì í jókòó de ọ̀tá bẹ́ẹ̀.

Ní ti òkè, ilẹ̀ Guinea-Bissau tẹ́jú, odò àti ẹrẹ̀ ló pọ̀ níbẹ̀. Síbẹ̀, wọ́n bá ìjọba Potogí ja ogun gẹ̀rílà níbẹ̀. Amílcar Cabral tó ṣáájú ìjà náà jẹ́ onímọ̀ iṣẹ́ àgbẹ̀, ìjọba Potogí fúnra rẹ̀ ló sì gbé iṣẹ́ wíwo oko káàkiri ilẹ̀ náà lé e lọ́wọ́ ní 1953. Nígbà tí ẹgbẹ́ rẹ̀, PAIGC, fi máa gbé ìbọn ní 1963, ó ti mọ ohun tó ń dun àwọn àgbẹ̀. Níbi tí wọ́n bá ti gbà, wọ́n ń dá ilé ìwé àti ìsọ̀ sílẹ̀, àgbẹ̀ á gbé ìrẹsì wá, á sì gba aṣọ lọ.

Ọmọ Ìjerò:
Òótọ́ ni Ẹ̀gbọ́n sọ. Che Guevara, ọ̀kan nínú àwọn aṣáájú ogun gẹ̀rílà Kúbà, gbé ọgbọ́n tó ṣiṣẹ́ níbẹ̀ lọ sí Bolivia ní 1966. Òkè wà, igbó wà, ṣùgbọ́n ìjọba ti ń pín ilẹ̀ fún àwọn àgbẹ̀ láti 1953, wọn kò sì bá a gbé ìbọn. Wọ́n pa á ní oṣù Ọ̀wàrà 1967. Síbẹ̀, kí a má fojú di òkè: nígbà tí Batista, olórí Kúbà nígbà náà, rán ọmọ ogun lọ sí òkè Sierra Maestra ní 1958, ìwọ̀nba ọlọ̀tẹ̀ ló dá wọn padà níbẹ̀.

Akẹ́kọ̀ọ́ Ìtàn:
Ẹ ṣeun. Àgbẹ̀kọ̀yà ńkọ́?

Olùkọ́ Àná:
Ìyẹn sún mọ́ ọn ju Kírìjì lọ, torí inú oko ni wọ́n ti ń jáde, oko náà ni wọ́n ń padà sí. Àmọ́ owó-orí ni wọ́n ń bá jà, wọn kò wá ìjọba gbà. Nígbà tí wọ́n dín in kù sí pọ́n-ùn méjì ní 1969, ìjà náà rọlẹ̀.