Èlé lórí owó iṣẹ́ tó pẹ́ kó tó wọlé: láti ọjọ́ wo la ti ń kà á?

Akọ́lé_Mọ́níyà:
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin àgbà. Iṣẹ́ ọ̀nà kan ní Mọ́níyà níbí, ìwé FIDIC pupa ti 1999 (àdéhùn iṣẹ́ ìkọ́lé tí ẹgbẹ́ àwọn ẹnjiníà àgbáyé ṣe) ni wọ́n fi ṣàdéhùn. Ẹnjiníà ti fọwọ́ sí sàtífíkéètì ₦40,000,000, ó lé lọ́dún kan, olówó iṣẹ́ ò san kọ́bọ̀. Ọ̀rọ̀ ti fẹ́ dé iwájú arbitrator, adájọ́ àdáni dípò ilé-ẹjọ́. Lọ́yà wọn ní kò sí èlé fún agbaṣẹ́ṣe tí kò kọ lẹ́tà béèrè rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni?

QS_Bódìjà:
Rárá o. Ẹ ka abala 14.8 nínú ìwé FIDIC náà, tó sọ̀rọ̀ owó tó pẹ́: ẹ̀tọ́ agbaṣẹ́ṣe ni èlé yẹn, láìsí lẹ́tà àkànṣe, láìsí sàtífíkéètì. Àmọ́ ẹ kọ́kọ́ wo Particular Conditions (apá tí wọ́n ti ń tún àwọn abala náà ṣe fún iṣẹ́ kan pàtó) dáadáa, torí ibẹ̀ làwọn olówó iṣẹ́ ti máa ń fa igi lé 14.8 tàbí kí wọ́n yí iye rẹ̀ padà.

Ọjọ́ ni ọ̀pọ̀ ń ṣì kà. Fún sàtífíkéètì àárín iṣẹ́ (interim), ọjọ́ 56 tí abala 14.7 fún olówó iṣẹ́ láti san owó kì í bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ tí ẹnjiníà fọwọ́ sí sàtífíkéètì. Ọjọ́ tí ìwé ìṣirò yín àtàwọn ẹ̀rí rẹ̀ tẹ ẹnjiníà lọ́wọ́ ló ti ń bẹ̀rẹ̀. Tó bá gbà á ní March 3, April 28 lọjọ́ pé, èlé bẹ̀rẹ̀ ní April 29. Nítorí náà, ẹ̀dà tí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí, tí ọjọ́ sì wà lára òǹtẹ̀ náà, ẹ má sọ ọ́ nù! Òun ni gbogbo ẹjọ́ dúró lé.

Iye rẹ̀: discount rate (iye èlé tó fi ń yá àwọn báńkì yòókù lówó) ti báńkì àpapọ̀ orílẹ̀-èdè tó ni owó náà, kí ẹ fi ìdá 3 nínú ọgọ́rùn-ún lé e, èlé lórí èlé lóṣooṣù. Ká kàn fi 15% ṣàpẹẹrẹ: fún oṣù 24, èlé lásán jẹ́ ₦12,000,000; èlé lórí èlé jẹ́ ₦13,894,042. Tí báńkì bá yí iye padà láàárín, ẹ pín ìṣirò náà síbi tó ti yí.

Lọ́yà_Dùgbẹ̀:
QS ti sọ ọ́ dáadáa. Ẹni tí àdéhùn tirẹ̀ ò ní irú 14.8, ọ̀rọ̀ tirẹ̀ le díẹ̀. Ilé-ẹjọ́ gíga jù lọ sọ nínú Ekwunife àti Wayne ní 1989 pé èlé ṣáájú ìdájọ́ gbọ́dọ̀ ní ibi tó ti wá: àdéhùn, òfin, àṣà òwò, tàbí ẹ̀tọ́ tí equity (ìlànà òdodo nínú òfin) mọ̀. Ẹni tó ń béèrè gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sínú ìwé ẹjọ́, kó sì fi ẹ̀rí gbè é.

Akọ́lé, ẹ kọ iye rẹ̀, ọjọ́ tó bẹ̀rẹ̀ àti tábìlì ìṣirò sínú ìwé ìbéèrè yín. Ẹ béèrè ọ̀nà méjì lọ́tọ̀ọ̀tọ̀: èlé títí di ọjọ́ ìdájọ́, àti èlé láti ọjọ́ náà títí owó yóò fi wọlé. Ọ̀pọ̀ ló ń gbàgbé ìkejì.

Akọ́lé_Mọ́níyà:
Ẹ ṣeun gan-an. Tí wọ́n bá sáré san ojú owó nìkan kẹ́jọ́ tó bẹ̀rẹ̀ ńkọ́?

Lọ́yà_Dùgbẹ̀:
Ẹ gbà á, ṣùgbọ́n lọ́jọ́ náà gan-an ni kí ẹ kọ̀wé pé ojú owó lẹ gbà, èlé ṣì kù. Ẹ ṣọ́ra fún ìwé discharge ti 14.12: ẹni tó bá fọwọ́ sí i pé gbogbo gbèsè ti tán, tí èlé ò sí nínú àròpọ̀ náà, ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi ti ilẹ̀kùn.

QS_Bódìjà:
Bí iṣẹ́ ò bá tíì parí, 16.1 fún yín láyè láti dá a dúró lẹ́yìn ìwé ìkìlọ̀ ọjọ́ 21. Ìyẹn ò ní kí èlé má máa kà lọ.