Béèlì nínú ẹ̀sùn ìpànìyàn: kí ni adájọ́ ń wò gan-an?

Àrẹ̀mú_K: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin amòfin. Wọ́n fẹ̀sùn ìpànìyàn kan ẹnì kan ní Àbújá. Májísíréètì ní òun kò lágbára láti gbọ́ ẹjọ́ náà, ó sì ní kí wọ́n lọ fi í sí ọgbà ẹ̀wọ̀n ná. Àwọn ará ilé ń sọ pé ẹ̀jẹ̀ ríru tó ń bá a fínra ti tó kí adájọ́ fi fún un ní béèlì. Ṣé òótọ́ ni?

Lọ́yà_Bísí: Kò tó rárá, ẹ̀gbọ́n. ACJA 2015 (Administration of Criminal Justice Act) ni òfin tó ń darí ẹjọ́ ọ̀daràn ní Àbújá, abala 161 rẹ̀ ló sì kan ẹ̀sùn tí ìjìyà rẹ̀ jẹ́ ikú. Adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga nìkan ló lè fúnni ní béèlì níbẹ̀, àfi tó bá sì rí ìdí tó ṣàrà ọ̀tọ̀. Òfin dárúkọ àìsàn, ó tún dárúkọ kí ìwádìí àti ìgbẹ́jọ́ falẹ̀ ju ọdún kan lọ. Yàtọ̀ sí méjì yìí, ó kù sọ́wọ́ adájọ́.

Ìdí àìsàn yìí gan-an ni ọ̀pọ̀ ìwé ẹ̀bẹ̀ ti ń wó. Dókítà ilé ìwòsàn ìjọba ni kó jẹ́rìí sí àìsàn náà. Ẹ má gbé ìwé ilé ìwòsàn aládàáni wá. Ẹ ó sì tún fi hàn pé àwọn tó tì í mọ́lé kò ní ohun tí wọ́n lè fi tọ́jú rẹ̀. Bí kílíníìkì ọgbà ẹ̀wọ̀n bá ní oògùn tó ń kápá ẹ̀jẹ̀ ríru rẹ̀, adájọ́ á ní kó máa lò ó níbẹ̀. Ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ ti sọ irú rẹ̀ nínú ẹjọ́ Mohammed Abacha ní 2002: àìsàn lásán kì í ṣí ilẹ̀kùn.

Àrẹ̀mú_K: Tó bá jẹ́ ẹ̀sùn jìbìtì ńkọ́?

Lọ́yà_Bísí: Ìyẹn bọ́ sí abala 162, ó sì rọrùn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Adájọ́ á fún un, àyàfi tí ìdí gidi bá wà láti gbà pé yóò sá lọ, yóò halẹ̀ mọ́ ẹlẹ́rìí, yóò ba ẹ̀rí jẹ́ tàbí yóò tún ṣẹ̀.

Akọ̀wé_Kóòtù: Ẹ kọ́kọ́ wo déètì orí ìwé àṣẹ àtìmọ́lé yẹn. Ọjọ́ 14 ni abala 296 fàyè gbà. Wọ́n lè bẹ̀bẹ̀ fún 14 mìíràn tí wọ́n bá sọ ìdí tó yè kooro. Bí ìyẹn náà bá pé tí ìgbẹ́jọ́ kò tíì bẹ̀rẹ̀, kóòtù á ránṣẹ́ sí ọ̀gá ọlọ́pàá àti amòfin àgbà ìjọba (Attorney-General) pé kí wọ́n wá ṣàlàyé. Ọ̀pọ̀ lọ́yà kì í ka ọjọ́ yìí rárá.

Nínú ìwé ìbúra (affidavit) tí ẹ fi ń bẹ̀bẹ̀ fún béèlì, ẹ so ẹ̀dà ẹ̀sùn àti àkọsílẹ̀ ẹ̀rí mọ́ ọn. "Ọmọlúàbí ni" kò wúlò fún adájọ́. Ẹ kọ ibi tó ń gbé, iṣẹ́ rẹ̀, àti pé ó fẹsẹ̀ ara rẹ̀ lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá, bó bá rí bẹ́ẹ̀. Agbefọ́ba á fi ìwé ìbúra tirẹ̀ tako yín. Bó bá kọ ọ́ síbẹ̀ pé olùjẹ́jọ́ pe ẹlẹ́rìí kan lórí fóònù, tí ẹ kò sì fi ìwé ìbúra mìíràn dáhùn, kóòtù á kà á sí pé ẹ ti gbà bẹ́ẹ̀.

Tóyìn_Agbẹjọ́rò: Kí n fi ti onídùúró kún un, torí béèlì a máa jáde kí èèyàn ṣì wà ní àhámọ́ fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Akọ̀wé kóòtù á yẹ ìwé ilẹ̀ wò ní ọ́fíìsì ilẹ̀, á yẹ ìwé owó orí wò, á sì lè lọ wo ilé onídùúró. Orúkọ tó yàtọ̀ díẹ̀ láàárín ìwé ilẹ̀ àti ìwé owó orí ló máa ń dá nǹkan dúró jù. Obìnrin lè dúró fún èèyàn. Abala 167 kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni lé e padà nítorí pé ó jẹ́ obìnrin. Bí àdéhùn béèlì bá le jù, abala 165 ní kò gbọdọ̀ pọ̀ lápọ̀jù, nítorí náà ẹ padà sọ́dọ̀ adájọ́ kan náà kó dín in kù. Ẹ má lọ háyà onídùúró níwájú kóòtù o. Bí olùjẹ́jọ́ bá sá, owó tí onídùúró kọ sílẹ̀ ló máa san, ìwé ayédèrú á sì di ẹ̀sùn tuntun.